Ọkọ̀ Ogun Tí Wọ́n Fi Kó Lẹ́tà: Ìtàn Àwọn Ọkọ̀ Olópó Méjì ti Falmouth

Ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, àti ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ tí ẹ péjọ síbí, mo kí yín o. Ọ̀rọ̀ tí mo gbé wá lónìí dá lórí irú ọkọ̀ ogun kékeré kan, olópó méjì, oní-ìgbòkun, tí ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kàn fún ìjà lójú òkun, ṣùgbọ́n tí wọ́n wá ń fi kó lẹ́tà láti ọdún 1823 títí di nǹkan bí ọdún 1850. Púpọ̀ nínú àwọn ọkọ̀ náà rì, àwọn mìíràn tilẹ̀ lọ láìsí ẹni tó padà wá ròyìn ibi tí wọ́n gbà lọ. Ó rọrùn láti di ẹ̀bi náà ru ìjì. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀. Lójú tèmi, ìpinnu tó gbé àwọn ọkọ̀ wọ̀nyí sẹ́nu iṣẹ́ lẹ́tà kì í ṣe nítorí lẹ́tà rárá, ibẹ̀ gan-an ni wàhálà wọn sì ti bẹ̀rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo bí nǹkan ti rí kí àwọn ọmọ ogun ojú omi tó dá sí i. Láti ìparí ọ̀rúndún kẹtàdínlógún ni Falmouth ti jẹ́ ẹnu ọ̀nà lẹ́tà tó ń lọ sí òkè òkun. Ìlú kékeré ni, ní ẹkùn Cornwall, ní igun gúúsù ìwọ̀ oòrùn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ṣùgbọ́n èbúté rẹ̀ jìn, ó sì fẹ̀, ọkọ̀ tó bá sì ti gbéra níbẹ̀ bọ́ sójú agbami ní kíákíá, láìjẹ́ pé ó ń bá afẹ́fẹ́ wọ̀yá ìjà fún ọ̀pọ̀ ọjọ́ nínú omi tóóró tó la ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti ilẹ̀ Faransé láàárín. Ìlú Coruña ní ilẹ̀ Sípéènì ni wọ́n kọ́kọ́ ń kó lẹ́tà lọ. Lẹ́yìn ìyẹn ni ọ̀nà Lisbon àti ti àwọn erékùṣù Karibeani, New York sì tẹ̀ lé wọn ní ọdún 1755. Nígbà tó di ọdún 1808, lẹ́yìn tí ìdílé ọba Potogí ti sá fún ogun Napoleon, tí wọ́n sì lọ tẹ̀dó sí Rio de Janeiro, ọ̀nà Bùràsíìlì náà kún un.

Àwọn ọkọ̀ tó ń ṣe iṣẹ́ yìí nígbà náà kì í ṣe ti ọmọ ogun. Ilé Ìfìwéránṣẹ́ ló ń háyà wọn lọ́wọ́ àwọn tó ni wọ́n, ọ̀gá ọkọ̀ fúnra rẹ̀ sì sábà máa ń ní ìpín nínú rẹ̀. Wọ́n kan àwọn ọkọ̀ náà kí wọ́n lè sáré, kì í ṣe kí wọ́n lè jà, òfin tí wọ́n sì fún ọ̀gá ọkọ̀ kò ṣòro láti há sórí: sá níwọ̀n ìgbà tí o bá lè sá, bí o kò bá lè sá mọ́, jà, bí o kò bá lè jà mọ́, ju lẹ́tà sómi kí o tó túúbá. Nítorí èyí ni wọ́n ṣe máa ń so irin tàbí òjé mọ́ àpò lẹ́tà láti èbúté wá, kí ó lè rì lọ sísàlẹ̀ òkun lójú ẹsẹ̀ bí ọ̀tá bá dé.

Ẹ má ṣe rò pé òfin orí ìwé lásán ni. Ní oṣù kọkànlá ọdún 1812, nígbà tí ogun wà láàárín ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti Amẹ́ríkà, ọkọ̀ lẹ́tà kan tí wọ́n ń pè ní Townshend, tí James Cock jẹ́ ọ̀gá rẹ̀, bọ́ sọ́wọ́ ọkọ̀ Amẹ́ríkà méjì nítòsí Barbados. Àwọn ọkọ̀ aládàáni ni àwọn méjèèjì, tí ìjọba wọn fún ní ìwé àṣẹ láti máa gba ọkọ̀ ọ̀tá lójú òkun. Cock bá wọn jà fún ọ̀pọ̀ wákàtí títí ọkọ̀ rẹ̀ fi fọ́ yángá. Ìgbà tó rí i pé àpò lẹ́tà ti rì tán ni ó tó sọ àsíá kalẹ̀. Ọdún márùn-ún ṣáájú ìyẹn, ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá ọdún 1807, ọkọ̀ lẹ́tà Windsor Castle pàdé ọkọ̀ Faransé kan, Le Jeune Richard, lójú ọ̀nà Barbados. Àwọn tó wà nínú Windsor Castle, àgbà àti ọmọdé, jẹ́ 28. Àwọn ará Faransé lé ní 80. William Rogers, ẹni tí ó kàn ń dípò ọ̀gá ọkọ̀ lásán ni, kò sá, kò sì túúbá. Nígbà tí ìjà náà gbóná tán, òun àti àwọn ènìyàn díẹ̀ fò sínú ọkọ̀ ọ̀tá, wọ́n sì gbà á. Ọkọ̀ tó wá kó lẹ́tà lẹ́rú wá di ẹrú lẹ́tà.

Àmọ́ àwọn akọni yìí ní ìwà mìíràn tí kò dùn mọ́ ìjọba nínú. Owó oṣù atukọ̀ kéré, nítorí náà oníkálukú máa ń gbé ọjà tirẹ̀ sínú ọkọ̀, a máa tà á ní Lisbon tàbí ní Karibeani, a sì máa ra òmíràn bọ̀ wálé. Ojú ọlọ́jà ni wọ́n fi ń wo ara wọn. Ojú onífàyàwọ́ ni aṣọ́bodè fi ń wò wọ́n. Ní oṣù kẹwàá ọdún 1810, àwọn aṣọ́bodè wọ inú ọkọ̀ lẹ́tà méjì tó fẹ́ gbéra, wọ́n sì gba ọjà àwọn atukọ̀. Àwọn atukọ̀ kọ̀, wọ́n ní àwọn kò ní tukọ̀ lọ síbì kankan. Ìjọba fi ìbínú kó gbogbo iṣẹ́ náà kúrò ní Falmouth lọ sí Plymouth, kò sì dá a padà títí di ìbẹ̀rẹ̀ ọdún tó tẹ̀ lé e. Ọ̀rọ̀ yìí kò tán lọ́kàn àwọn tó wà ní London. Wọ́n rí i pé àwọn tí ń kó lẹ́tà ìjọba lè da iṣẹ́ sílẹ̀ bí inú bá bí wọn, nígbà tí sójà ojú omi kò gbọdọ̀ dán irú rẹ̀ wò.

Kí n tó kúrò níbí, mo mọ̀ pé ẹnì kan yóò béèrè nípa Pickle. Òun ni ọkọ̀ ogun kékeré tí òkìkí rẹ̀ kàn jù nínú ọ̀rọ̀ ìránṣẹ́, òtítọ́ sì ni pé ìtàn rẹ̀ dùn. Lẹ́yìn ogun ojú omi Trafalgar ní ọjọ́ 21 oṣù kẹwàá ọdún 1805, níbi tí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti ṣẹ́gun àwọn ọkọ̀ Faransé àti ti Sípéènì, Collingwood tó gba ipò olórí fi ìròyìn ìṣẹ́gun àti ti ikú Nelson, ọ̀gá àgbà àwọn ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì, rán Lapenotiere tó jẹ́ ọ̀gá Pickle. Ó gbéra ní ọjọ́ 26, ó dé Falmouth ní ọjọ́ kẹrin oṣù kọkànlá, ó sì gun kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́ṣin láti ibẹ̀ lọ sí London, ọ̀nà tó lé ní máìlì 260, tí wọ́n ń pààrọ̀ ẹṣin fún un ní ìlú dé ìlú. Nǹkan bí aago kan òru mọ́jú ọjọ́ kẹfà ni ó kan ilẹ̀kùn ilé-iṣẹ́ ọmọ ogun ojú omi. Ṣùgbọ́n ìròyìn kan ṣoṣo, lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, ni Pickle gbé. Kíkó lẹ́tà oníṣòwò, ti ìyàwó, ti gbèsè àti ti ẹjọ́, ní oṣooṣù, lójò lẹ́ẹ̀rùn, yàtọ̀ pátápátá sí ìyẹn. Mo máa ń rò ó pé ògo Pickle wà lára ohun tó mú kí ó rọrùn fún àwọn ènìyàn láti gbà pé ọkọ̀ ogun kékeré yóò mọ iṣẹ́ lẹ́tà ṣe.

Ogun Napoleon parí ní ọdún 1815, àlàáfíà sì dá ìṣòro tirẹ̀ sílẹ̀. Ọkọ̀ ogun tí kò níṣẹ́ kún èbúté. Àwọn ọ̀gá ọmọ ogun jókòó sílé lórí ààbọ̀ owó oṣù, àwọn mìíràn sì ń darúgbó lọ láìrí ọkọ̀ kankan tù. Bí a bá wá mú iṣẹ́ lẹ́tà kúrò lọ́wọ́ àwọn ará Falmouth, tí a gbé e fún ọmọ ogun ojú omi, àwọn ọkọ̀ yóò rí iṣẹ́, àwọn ọ̀gá yóò rí owó, àwọn atukọ̀ kò ní gbàgbé iṣẹ́ ọwọ́ wọn bí ogun mìíràn bá dé, fàyàwọ́ yóò sì dín kù. Gbogbo àwíjàre yìí ló mọ́gbọ́n dání. Ẹ ṣàkíyèsí, síbẹ̀, pé kò sí ọ̀kankan nínú wọn tó sọ pé lẹ́tà yóò tètè dé. Ní ọdún 1823 ni ìjọba fi àwọn ọkọ̀ náà sábẹ́ ilé-iṣẹ́ ọmọ ogun ojú omi. Ilé Ìfìwéránṣẹ́ ṣì ń bójú tó àpò lẹ́tà, ṣùgbọ́n ọkọ̀ àti ẹni tó ń tù ú di ti ọmọ ogun. Bí àdéhùn ọkọ̀ àtijọ́ kan bá ti parí, ọkọ̀ ogun a gba ipò rẹ̀.

Irú ọkọ̀ wo ni wọ́n wá mú? Èyí tó pọ̀ jù lọ́wọ́ wọn, tí kò sì ná wọn lówó púpọ̀ ni. Henry Peake ló yàwòrán rẹ̀. Cherokee, tí wọ́n sọ sómi ní ọdún 1808, ni àkọ́bí, orúkọ rẹ̀ ni wọ́n sì fi ń pe gbogbo irú náà. Wọ́n kàn ju ọgọ́rùn-ún lọ. Ó gùn ní ẹsẹ̀ bàtà 90, ìwọ̀n rẹ̀ tó nǹkan bíi tọ́ọ̀nù 235, ó sì ń gbé àgbá mẹ́wàá: méjì gígùn, mẹ́jọ kúkúrú tó ń yin ọta wúwo. Ní àkókò ogun, ènìyàn 75 ló ń bẹ nínú rẹ̀. Iṣẹ́ tí wọ́n torí rẹ̀ kàn án ni kí ó máa ṣọ́ àwọn ọkọ̀ oníṣòwò ní etíkun, kí ó sì máa lé àwọn ọkọ̀ kéékèèké tó ń jalè. Fún irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀, kò burú.

Láàárín òkun ńlá ni àléébù rẹ̀ ti ń hàn. Òkè ọkọ̀ náà, níbi tí àwọn atukọ̀ ń dúró sí, kò ga sí omi tó. Nítorí pé ọkọ̀ ogun ni, wọ́n yí i ká pẹ̀lú ògiri pákó tó ga, tó sì nípọn, kí ọta má bàa tètè ba àwọn tó wà lẹ́nu àgbá. Lójú ogun, ààbò ni ògiri yẹn. Lójú ìjì, ewu ni. Bí ìgbì ńlá bá da ara rẹ̀ sínú ọkọ̀, omi náà kò rí ọ̀nà jáde kíákíá, ọkọ̀ a wá dà bí ọpọ́n tí a gbàgbé síta lábẹ́ òjò. Ọkọ̀ tó kún fún omi lókè, tí ìwúwo òpó àti ìgbòkun sì wà lórí rẹ̀, kò lè gbé orí sókè kí ìgbì kejì tó dé. Àwọn atukọ̀ mọ̀ bẹ́ẹ̀. Pósí ni wọ́n ń pe irú ọkọ̀ yìí láàárín ara wọn, kì í sì í ṣe àwàdà nìkan ni wọ́n fi ń ṣe.

Ẹ̀rí tó dára jù lọ tí a ní nípa àléébù yìí kò tilẹ̀ wá láti inú ọkọ̀ lẹ́tà, nítorí àwọn tí ó rì kò lè jẹ́rìí. Láti inú Beagle ni ó ti wá, ọkọ̀ tí Charles Darwin, onímọ̀ nípa àwọn ohun abẹ̀mí, bá rin ìrìn àjò yíká ayé. Ọmọ ìyá ni Beagle jẹ́ fún àwọn ọkọ̀ lẹ́tà Falmouth: irú Cherokee kan náà, tí wọ́n sọ sómi ní Woolwich ní ọjọ́ 11 oṣù karùn-ún ọdún 1820. Ṣùgbọ́n wọ́n ti tún un ṣe. Wọ́n fi òpó kẹta kún un, wọ́n dín àgbá rẹ̀ kù, nígbà tó sì di ọdún 1831, FitzRoy tó jẹ́ ọ̀gá rẹ̀ ní kí wọ́n gbé òkè ọkọ̀ náà sókè díẹ̀ sí i. Pẹ̀lú gbogbo àtúnṣe yìí, ní ọjọ́ 13 oṣù kìíní ọdún 1833, ní apá gúúsù Amẹ́ríkà, nítòsí Cape Horn, ìgbì mẹ́ta tó tẹ̀ léra wọn kọlù ú. Èyí àkọ́kọ́ gba ìrìn lẹ́sẹ̀ rẹ̀, èkejì yí i sẹ́gbẹ̀ẹ́, ẹ̀kẹta da omi sínú rẹ̀ bámúbámú títí ògiri ẹ̀gbẹ́ kan fi wọ inú òkun lọ, ó sì gba ọ̀kan nínú àwọn ọkọ̀ kékeré tí wọ́n so mọ́ ọn. Káfíńtà ọkọ̀ ló sáré fi igi gbun ojú ihò àgbá tí wọ́n ti tì pa, omi sì rọ́ jáde, ọkọ̀ sì gbérí. FitzRoy fúnra rẹ̀ kọ ọ́ sílẹ̀ lẹ́yìn náà pé bí ìgbì kan bá tún tẹ̀ lé e, ọkọ̀ òun ì bá ti di ọ̀kan lára ọ̀pọ̀ irú rẹ̀ tó ti pòórá.

Ẹ fojú inú wò ó nígbà náà: ọkọ̀ tí kò rí irú àtúnṣe bẹ́ẹ̀, tí ó gbọ́dọ̀ gbéra ní ọjọ́ tí àpò lẹ́tà bá dé láti London láìka ojú ọjọ́ sí, tí ó ń la àríwá òkun Àtìláńtíìkì kọjá lọ sí Halifax ní ilẹ̀ Kánádà láàárín ìgbà òtútù. Redpole kò padà láti Bùràsíìlì ní ọdún 1828. Ìròyìn tó dé ni pé ọkọ̀ àwọn olè ojú òkun kan ló rì í nítòsí Cape Frio. Myrtle fọ́ ní etíkun Nova Scotia ní ọdún 1829. Recruit pòórá ní ọdún 1832, Thais àti Calypso ní ọdún 1833, Briseis ní ọdún 1838. Bí a bá ka gbogbo irú Cherokee pọ̀, èyí tó ń kó lẹ́tà àti èyí tí kò kó o, nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́rin ni òkun gbé mì tàbí tí àpáta fọ́. Nínú gbogbo àwọn tí mo dárúkọ yìí, ọ̀kan ṣoṣo ni wọ́n sọ pé ọwọ́ ènìyàn ló rì í. Wọ́n gbé ọkọ̀ tó gbára dì fún ọ̀tá lọ síbi tí kò ti sí ọ̀tá mọ́, wọ́n sì fi í sílẹ̀ lọ́wọ́ òkun tí kò gbára dì fún.

Kò yẹ kí n sọ ọ́ bí ẹni pé gbogbo ìgbà ni wọ́n ń rì. Púpọ̀ nínú ìrìn àjò wọn ló parí láyọ̀, ọ̀gá ọkọ̀ tó bá sì mọ ìgbà tó yẹ kí ó ká ìgbòkun rẹ̀ lè fi irú ọkọ̀ yìí rìn fún ọ̀pọ̀ ọdún. Beagle rí ọdún márùn-ún òkun, ó sì gúnlẹ̀ sí Falmouth gan-an ní ọjọ́ kejì oṣù kẹwàá ọdún 1836, níbi tí Darwin ti wọ kẹ̀kẹ́ lẹ́tà lọ sílé. Àwọn ọ̀gá ọkọ̀ lẹ́tà náà ní ìdí tí wọ́n fi ń du iṣẹ́ yìí. Èrò ń wọ ọkọ̀ wọn, wọ́n sì ń san owó ọkọ̀; wúrà àti fàdákà àwọn oníṣòwò ń gba ọwọ́ wọn kọjá, ìpín díẹ̀ sì ń kù sí wọn lọ́wọ́. Fún ọ̀gá ọmọ ogun tó ti lo ọdún mẹ́wàá lórí ààbọ̀ owó oṣù, ìyẹn kì í ṣe ohun kékeré.

Ọ̀nà Bùràsíìlì ni ó kan àwa ọmọ Yorùbá jù. Ọkọ̀ lẹ́tà a kúrò ní Falmouth, a yà ní Madeira àti Tenerife, a sì la òkun kọjá lọ sí Pernambuco, Bahia àti Rio. Bahia tí mo dárúkọ yìí ni ilẹ̀ tí wọ́n kó ẹgbàágbèje àwọn ènìyàn wa lẹ́rú lọ, níbi tí wọ́n ti ń pè wọ́n ní Nagô. Nígbà tí àwọn Mùsùlùmí inú wọn dìde ní òru tó mọ́jú ọjọ́ 25 oṣù kìíní ọdún 1835, nínú ọ̀tẹ̀ tí a mọ̀ sí ti Malê, aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní ìlú náà kọ ìròyìn rẹ̀ ránṣẹ́ sí London. Ọkọ̀ Falmouth ni ọ̀nà tí ìwé ìjọba ń gbà láti Bahia lọ sí London lásìkò náà. Ohun kan náà ni fún ìwé nípa òwò ẹrú, èyí tí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ń bá Bùràsíìlì fà mọ́ra wọn lọ́wọ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Òǹkàwé tó bá ń lo irú àwọn ìwé bẹ́ẹ̀ lónìí yóò rí ọjọ́ tí wọ́n kọ ọ́ àti ọjọ́ tí ó dé, ọ̀sẹ̀ púpọ̀ sì wà láàárín méjèèjì. Ọkọ̀ olópó méjì kan, tó ń bá ìgbì yí, ló wà láàárín ọjọ́ méjèèjì náà.

Ó pẹ́ kí ilé-iṣẹ́ ọmọ ogun tó gbà pé ó yẹ kí wọ́n kan ọkọ̀ fún iṣẹ́ lẹ́tà fúnra rẹ̀. William Symonds, tí ó di alábòójútó kíkan ọkọ̀ ìjọba ní ọdún 1832, yàwòrán àwọn ọkọ̀ olópó méjì tuntun tó fẹ̀ ju ti Peake lọ, tí àgbá wọn kò pọ̀, tí wọ́n sì ń sáré. Star, Express àti Linnet wà lára àwọn tí wọ́n sọ sómi ní nǹkan bí ọdún 1835. Ọkọ̀ tó dára ni wọ́n, ṣùgbọ́n ẹ̀pa kò bóró mọ́. Ọkọ̀ eléèéfín, tí kì í dúró de afẹ́fẹ́, ti ń bọ̀ lẹ́yìn. Ní ọdún 1837 ni lẹ́tà Lisbon bọ́ sọ́wọ́ ọkọ̀ eléèéfín. Ní ọdún 1840, ọkọ̀ eléèéfín ti ilé-iṣẹ́ Cunard bẹ̀rẹ̀ sí í gbé ti Halifax àti Boston láti Liverpool. Ní ọdún 1842, ilé-iṣẹ́ Royal Mail gba ti Karibeani. Bùràsíìlì nìkan ló kù fún ìgbòkun, nígbà tó sì di oṣù kìíní ọdún 1851, ọkọ̀ eléèéfín Teviot gbé ìyẹn náà láti Southampton. Iṣẹ́ lẹ́tà Falmouth parí síbẹ̀.

Kò sí ìgbà kankan tí ọ̀nà ọkọ̀ lẹ́tà Falmouth kan Èkó tàbí Àgbádárìgì. Ọkọ̀ eléèéfín ti ilé-iṣẹ́ Macgregor Laird, tó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1852, ló sọ ìrìn lẹ́tà láàárín ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti etíkun wa di ohun tó ní déètì. Ṣùgbọ́n àwọn ọkọ̀ tí a ń sọ̀rọ̀ wọn yìí dé ọ̀dọ̀ wa lọ́nà mìíràn. Buzzard, tó jẹ́ irú Cherokee, wà lára àwọn ọkọ̀ ogun tó ń ṣọ́ etíkun Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà nítorí òwò ẹrú. Òun ló mú ọkọ̀ akẹ́rú méjì tó ń ta àsíá Amẹ́ríkà lọ sí New York ní ọdún 1839. Linnet, tí Symonds yàwòrán rẹ̀ fún àpò lẹ́tà, padà sẹ́nu iṣẹ́ ogun lẹ́yìn tí lẹ́tà bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Láti ọdún 1852 sí 1856, ó ń ṣọ́ etíkun kan náà lábẹ́ Henry Need, ẹni tó máa ń fi ọ̀dà olómi ya àwòrán èbúté, àwọn ọkọ̀ akẹ́rú tí wọ́n mú, àti àwọn ènìyàn tó bá pàdé. Àwọn àwòrán náà wà ní ilé àkójọ ohun ìṣẹ̀ǹbáyé ojú omi ní Greenwich, ẹni tó bá sì fẹ́ mọ bí etíkun wa ti rí lójú àwọn atukọ̀ ní ọdún mélòó kan lẹ́yìn tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì yìnbọn lu Èkó ní ọdún 1851 lè bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀.